Ilé Wo Ni Wọ́n Wò? Àyẹ̀wò Orúkọ Látìn tí Igi Ọ̀pẹ Ń Jẹ́

Yorùbá bọ̀, wọ́n ní ilé là ń wò kí a tó sọ ọmọ lórúkọ. Òwe yìí kì í ṣe ti ọjọ́ ìkómọjáde nìkan. Òṣùwọ̀n ni ó jẹ́ fún orúkọ yòówù tí ẹ̀dá bá fún ohun kan láyé, ìbáà ṣe ènìyàn, ìlú, ẹranko tàbí igi oko. Nínú kíláàsì bàọ́lọ́jì, orúkọ alápá méjì tí a fi èdè Látìn hun ni akẹ́kọ̀ọ́ ń há sórí fún ìdánwò, tí wọ́n sì ń fa ìlà sí nídìí gẹ́gẹ́ bí olùkọ́ ti pa á láṣẹ. Bí wọ́n bá ti kọ ọ́ tán, ó parí. Ó ṣọ̀wọ́n kí ẹnikẹ́ni béèrè ohun tí orúkọ náà ń sọ, ẹni tí ó sọ ọ́, àti ilé tí onítọ̀hún wò kí ó tó sọ ọ́. Àfo yìí ni ó yẹ kí a dí. Igi kan ṣoṣo sì tó fi dí i, èyíinì ni igi ọ̀pẹ, nítorí kò sí agboolé Yorùbá kan tí epo àti ìgbálẹ̀ rẹ̀ kò wọ̀.

Elaeis guineensis Jacq. ni orúkọ tí sáyẹ́ǹsì fún ọ̀pẹ. Ọ̀mọ̀wé ará Sweden nì, Carl Linnaeus, ni ó fi ìlànà orúkọ alápá méjì yìí lélẹ̀ fún ewéko nínú ìwé rẹ̀, Species Plantarum, ní ọdún 1753. Ìlànà náà kò ṣàjèjì sí ẹni tí ó bá mọ ètò agboolé. Ọ̀rọ̀ kìíní dà bí orúkọ ìdílé, lẹ́tà ńlá ni a sì fi ń bẹ̀rẹ̀ rẹ̀. Ọ̀rọ̀ kejì ni a fi ń dá ọmọ ìdílé kan mọ̀ yàtọ̀ sí èkejì, lẹ́tà kékeré ni ó sì ń gbà, kódà bí ó bá jẹ́ láti ara orúkọ ilẹ̀ kan ni a ti mú un. Ègé orúkọ tí ó kẹ́yìn ń tọ́ka sí ẹni tí ó sọ igi náà lórúkọ, ẹni náà sì ni Nikolaus Joseph von Jacquin. Èyí dára púpọ̀. Bí a bá fẹ́ dá ẹnikẹ́ni lẹ́bi tàbí láre lórí orúkọ, a mọ ẹni tí a ó dojú kọ.

Ta wá ni Jacquin? Láàárín ọdún 1755 sí 1759, ó ń rìn káàkiri àwọn erékùṣù Karibíà àti etí òkun Amẹ́ríkà tí ó súnmọ́ wọn, níbi tí ọba ńlá tí ó jókòó ní Vienna rán an lọ kí ó lọ ṣa ewéko wá fún ọgbà ààfin. Ní erékùṣù Martinique ni ó ti ṣe alábàápàdé ọ̀pẹ, ó sì tẹ orúkọ rẹ̀ jáde nínú ìwé ní 1763. Ọ̀pẹ kì í ṣe ọmọ bíbí Martinique. Láti Ìwọ̀ Oòrùn Áfíríkà ni ó ti dé ibẹ̀, lójú ọ̀nà òkun kan náà tí a ń gbé ẹrú gbà. Ìsọmọlórúkọ yìí kò wáyé ní ilé baba ọmọ rárá. Ìgbèkùn ni bàbá ìsọmọlórúkọ ti bá ọmọ pàdé.

Bí a bá wá yẹ ọ̀rọ̀ kìíní wò, Elaeis wá láti inú èdè Gíríìkì, ó sì bá ọ̀rọ̀ wọn fún igi ólífì tan. Lójú ará Yúróòpù ìgbà náà, ólífì ni baba epo. Nígbà tí ó rí igi mìíràn tí èso rẹ̀ ń ṣe epo, ilé ara rẹ̀ ni ó wò, ó sì fi orúkọ ohun tí ó mọ̀ pe ohun tí kò mọ̀. Ẹni tí ó bá yára bínú lè sọ pé ìwọ̀sí ni èyí. Ṣùgbọ́n kí ló dé tí Yorùbá fi ń pe èso ẹlẹ́gùn-ún tí a mú wá láti Amẹ́ríkà ní ọ̀pẹ òyìnbó? Kò sí ohun tí ó pa òun àti ọ̀pẹ pọ̀ ju ìrísí lọ. Àwọn baba wa rí ewé rẹ̀ tí ó tò yí orí rẹ̀ ká, wọ́n rántí ọ̀pẹ, wọ́n sì fi òyìnbó kún un láti fi hàn pé àlejò ni. Ohun tí Jacquin ṣe fún ọ̀pẹ náà ni Yorùbá ṣe fún ọ̀pẹ òyìnbó. Àfiwé ẹlẹ́lọ̀ọ́ ni méjèèjì, kò sì sí èdè tí kì í lò ó.

Ibi tí Elaeis ti kù díẹ̀ káàtó ni pé epo nìkan ni ó rí. Kò rí ẹmu, kò rí àdín inú ekùrọ́, kò rí imọ̀ tí a fi ń bo òrùlé, ìgbálẹ̀ tí a fi ń tọ́jú àgbàlá, ògùṣọ̀ tí a fi ń ríran lóru, tàbí màrìwò tí a fi ń sàmì sí ibi ọ̀wọ̀. Ohun tí ó lè wọ inú àgbá lórí ọkọ̀ òkun nìkan ni orúkọ náà kà sí.

Ọ̀rọ̀ kejì, guineensis, túmọ̀ sí ti ilẹ̀ Guinea. Bí Yorùbá ṣe ń sọ pé ará Ọ̀yọ́ tàbí ará Ìjẹ̀bú ni èdè Látìn ṣe ń lo ìparí ọ̀rọ̀ náà. Ó ṣe ni láàánú pé Guinea kì í ṣe ìlú kan pàtó nígbà náà. Orúkọ tí àwọn atukọ̀ ń pe gbogbo etí òkun gbọọrọ ti Ìwọ̀ Oòrùn Áfíríkà ni. Bí ẹni pé a bi ènìyàn ní ilé baba rẹ̀, ó ní, "Òkè ọ̀hún" ni. Síbẹ̀, ìwúlò ọ̀rọ̀ yìí kò kéré. Ní ọdún 1848, wọ́n gbin ọ̀pẹ mẹ́rin péré sí ọgbà ewéko ìlú Bogor ní erékùṣù Java. Àtìrandíran ọ̀pẹ mẹ́rin wọ̀nyí ni ọ̀pọ̀lọpọ̀ oko ọ̀pẹ Indonesia àti Malaysia ti ṣẹ̀, àwọn orílẹ̀-èdè méjèèjì yìí ni wọ́n sì ń pèsè epo pupa jù lọ láyé lónìí. Bí wọ́n ti wù kí wọ́n pọ̀ tó nídìí òwò náà, nígbàkígbà tí onímọ̀ wọn bá kọ orúkọ igi yìí, ó di dandan kí ó kọ guineensis. Orúkọ náà di ẹlẹ́rìí tí kò ṣe é fi owó rà.

Níbi tí èdè ti ń pàdé èdè ni àǹfààní orúkọ yìí ti hàn jù. Irú ibẹ̀ ni Oyigbo ní Ìpínlẹ̀ Rivers, létí odò Imo, lójú ọ̀nà tí ó ti Port Harcourt lọ sí Aba. Ilẹ̀ ọ̀pẹ ni agbègbè náà. Odò Imo ni epo ẹ̀yìn odò ń gbà sọ̀ kalẹ̀ lọ sí Opobo, ìlú tí Jaja tẹ̀ dó ní 1870. Epo yìí náà ni ó mú kí àwọn Gẹ̀ẹ́sì máa pe gbogbo agbègbè ibẹ̀ ní Àwọn Odò Epo, tí wọ́n sì fi orúkọ yẹn sọ ọ́ di ilẹ̀ abẹ́ ààbò wọn ní 1885. Bí ọ̀dọ́ Yorùbá tí ó ń sin ilẹ̀ baba rẹ̀ bá ń kọ́ni ní bàọ́lọ́jì níbẹ̀, ọ̀pẹ ni yóò ti ẹnu rẹ̀ jáde. Nkwụ ni àwọn akẹ́kọ̀ọ́ rẹ̀ mọ̀ ọ́n sí. Elaeis guineensis ni yóò so ahọ́n wọn pọ̀, tí ìwé tí wọ́n kà ní Oyigbo yóò fi bá èyí tí wọ́n kà ní Ìbàdàn tàbí Cotonou mu.

Ìlú náà fúnra rẹ̀ sì jẹ́ ẹ̀kọ́ nípa orúkọ. Oyigbo ni ìwé ìjọba ń kọ. Obigbo ni ọ̀pọ̀ ènìyàn ń pè é. Ìyàtọ̀ lẹ́tà kan péré ni, ṣùgbọ́n ẹni tí ó bá mọ bí ọ̀rọ̀ ìran àti ilẹ̀ ṣe rọ̀ mọ́ lẹ́tà kan yẹn kò ní pe orúkọ ní ohun yẹpẹrẹ mọ́.

Lára gbogbo orúkọ Látìn tí ó yí ọ̀pẹ ká, mẹ́ta ni ó tọ́ kí olùkọ́ fi yangàn. Àwọn ni dura, pisifera àti tenera, tí wọ́n ń dá irú ẹyìn mọ̀. Dura túmọ̀ sí líle: èèpo ekùrọ́ rẹ̀ nípọn, ó sì le láti pa. Pisifera ni èyí tí ń so èso bí ẹ̀wà róbótó: kò ní èèpo líle, ekùrọ́ rẹ̀ sì kéré, bẹ́ẹ̀ ni ìdí ẹyìn rẹ̀ sábà máa ń jẹrà kí ó tó pọ́n. Tenera ni ẹlẹgẹ́: èèpo ekùrọ́ rẹ̀ fẹ́lẹ́, ẹran ara ẹyìn rẹ̀ sì pọ̀. Ní 1941 ni Beirnaert àti Vanderweyen fi hàn ní Congo pé ọmọ tí dura àti pisifera bí ni tenera. Àwárí yìí ni ọ̀pẹ àgíríìkì tí ibùdó ìwádìí NIFOR lẹ́bàá ìlú Benin ń pín fún àgbẹ̀ dúró lé. Ẹni tí ó sọ ẹyìn wọ̀nyí lórúkọ wo ilé ẹyìn, ó pa ẹyìn, ó sì sọ ohun tí ó bá níbẹ̀. Akẹ́kọ̀ọ́ tí ó bá mọ ìtumọ̀ orúkọ mẹ́tẹ̀ẹ̀ta ti mọ ìdajì ẹ̀kọ́ náà.

Idolatrica ni orúkọ tí ó gba ẹjọ́. Ọ̀pẹ kan wà tí ewé rẹ̀ kì í ya bí ti ìyókù, tí àwọn ewé náà lẹ̀ mọ́ ara wọn. Yorùbá ń pè é ní ọ̀pẹ Ifá, nítorí láti orí rẹ̀ ni àwọn babaláwo ti ń wá ikin olójú mẹ́rin. Auguste Chevalier, onímọ̀ ewéko ará Faransé, ni ó sọ ọ́ ní idolatrica. Ìtumọ̀ rẹ̀ ni ti abọgibọ̀pẹ̀. Chevalier kò wo ewé tí ó lẹ̀ pọ̀, èyí tí ojú lásán rí. Àwọn tí ń bọ̀wọ̀ fún igi náà ni ó wò, ojú ẹni tí ó ti dá wọn lẹ́bi ni ó sì fi wò wọ́n.

Àwọn kan lè gbèjà rẹ̀ pé ó kàn ṣe àkọsílẹ̀ ohun tí àwọn ènìyàn ń fi igi náà ṣe ni. Ìdáhùn sí èyí wà nínú ìwé Linnaeus fúnra rẹ̀. Igi kan wà ní Íńdíà tí àwọn ẹlẹ́sìn Híńdù àti ti Búdà ń bọ̀wọ̀ fún. Ficus religiosa ni Linnaeus pè é ní 1753, èyíinì ni ti ẹ̀sìn. Igi ọlọ́wọ̀ ni ti Íńdíà, igi ọlọ́wọ̀ ni tiwa. Ti ibẹ̀ gba orúkọ ẹ̀sìn, tiwa gba orúkọ èébú. Ẹni tí ó bá gbé àwọn orúkọ méjèèjì sí ẹ̀gbẹ́ ara wọn yóò rí i pé kì í ṣe èdè Látìn ni kò ní ọ̀rọ̀ tí ó dára. Ọ̀rọ̀ náà wà nílẹ̀, wọn kò fún wa ni. Bẹ́ẹ̀ Ifá tí wọ́n fi igi náà bú, òun àti Odù rẹ̀ 256, ni UNESCO kéde ní 2005 pé ó jẹ́ ọ̀kan lára iṣẹ́ àrà tí ọmọ aráyé jogún.

Òfin tí ń darí orúkọ ewéko kò gbà pé kí a kọ orúkọ kan sílẹ̀ kìkì nítorí pé kò dùn mọ́ni. Àkójọ orúkọ tí ọgbà Kew ń tọ́jú kò ka idolatrica sí irú ọ̀tọ̀ mọ́. Inú Elaeis guineensis ni ó kó o sí. Síbẹ̀ ó ṣì wà nínú àwọn ìwé nípa ọ̀pẹ àti nípa Ifá. Ní oṣù Keje ọdún 2024, ìpàdé àgbáyé àwọn onímọ̀ ewéko ní Madrid dìbò pé kí caffra, ọ̀rọ̀ èébú tí wọ́n fi ń bú ènìyàn dúdú ní ìhà gúúsù Áfíríkà, di affra nínú orúkọ ewéko gbogbo. Wọ́n tún fi ọ̀nà lélẹ̀ láti kọ orúkọ tuntun tí ó bá ń bu ìran kan kù, bẹ̀rẹ̀ láti 2026. Idolatrica ti dàgbà ju òfin tuntun yìí lọ. Nítorí náà, ọwọ́ olùkọ́ ni iṣẹ́ kù sí.

Iṣẹ́ náà kò ní kí a da Látìn nù. Orúkọ Yorùbá nìkan kò lè ṣe gbogbo iṣẹ́, nítorí ewé kan lè ní orúkọ púpọ̀, orúkọ kan sì lè jẹ́ ti ewé méjì láti ìlú dé ìlú. Nínú ìwé rẹ̀, Ewé, tí ó jáde ní 1995, Pierre Verger kọ orúkọ Yorùbá àti ti Látìn sí ẹ̀gbẹ́ ara wọn, ó sì fi hàn pé nínú ọfọ̀, orúkọ ewé ń bá ọ̀rọ̀-ìṣe tí a fi ń pàṣẹ fún un rìn. Orúkọ Látìn ń sọ ibi tí ewé wà láàárín ewé; orúkọ Yorùbá ń sọ ohun tí a fi ewé ṣe. Olùkọ́ tí ó bá kọ ọ̀kan sójú pátákó tí ó sì fi èkejì sílẹ̀ ti fún akẹ́kọ̀ọ́ ní ìdajì igi.

Nítorí náà, kí akẹ́kọ̀ọ́ máa fa ìlà sí ìdí Elaeis guineensis bí òfin ti wí. Ṣùgbọ́n kí ó mọ̀ pé ólífì ni a fi pe ọ̀pẹ, kí ó mọ̀ pé ìgbèkùn ni a ti sọ ọ́ lórúkọ, kí ó sì lè sọ ìdí tí ọ̀pẹ Ifá fi jẹ́ idolatrica nígbà tí igi Íńdíà ń jẹ́ religiosa. Bí ó bá lè sọ èyí ní èdè Yorùbá tí ó gún régé, ó ti kọ́ bàọ́lọ́jì, ó ti kọ́ ìtàn, ó sì ti kọ́ lítíréṣọ̀ pẹ̀lú.