Ẹnì Kan, Àdúgbò Kan: Ọgbọ́n Fíìmù Fẹ́mi Odùgbèmí àti Ọ̀ràn Èjìgbò

Tinsel, eré àtìgbàdégbà orí tẹlifíṣọ̀n tí ó bẹ̀rẹ̀ ní 2008, ni ọ̀pọ̀ òǹwòran fi mọ Fẹ́mi Odùgbèmí, nítorí pé ó wà lára àwọn olùgbéjáde rẹ̀ ní ìbẹ̀rẹ̀. Ṣùgbọ́n ibi tí ó yẹ kí lámèyítọ́ ti wá ọgbọ́n rẹ̀ ni àwọn fíìmù rẹ̀ tí kì í ṣe eré, èyí tí ó fi ń tọpa ìgbé-ayé àwọn ènìyàn ní àdúgbò wọn. Ó wà lára àwọn tí ó dá àjọ̀dún iREP sílẹ̀ ní Èkó, kí irú fíìmù bẹ́ẹ̀ lè ní ilé tirẹ̀.

Ṣẹ́gun Adéfilà, ẹni tí ó dá ẹgbẹ́ òṣèré Crown Troupe of Africa sílẹ̀ ní 1996, ni Bariga Boy (2009) dá lé. Orúkọ Bàrígà kò dára lẹ́nu ọ̀pọ̀ ará Èkó. Jàǹdùkú ni wọ́n máa ń so mọ́ ọn. Odùgbèmí kò bá wọn jiyàn. Iṣẹ́ ọwọ́ ẹnì kan ni ó gbé kalẹ̀, àdúgbò sì tẹ̀ lé e wọlé. Nínú Makoko: Futures Afloat (2016), ọ̀rọ̀ gbòòrò dé ọ̀dọ̀ àwọn ọmọdé orí omi àti ẹ̀kọ́ wọn. Ìjọba ti wó ilé ní Makoko ní 2012. Ilé-ẹ̀kọ́ tí ó léfòó, èyí tí Kúnlé Adéyẹmí yàwòrán rẹ̀, sì dà wó ní ọdún tí fíìmù náà jáde gan-an. Síbẹ̀ àkọlé fíìmù náà ń pe òǹwòran sí ọ̀la àwọn ọmọ náà, ó fi ẹrẹ̀ ìdí ilé wọn sílẹ̀ fún àwọn tí ń wá àánú.

Àdúgbò tí ènìyàn lè fi ẹsẹ̀ rìn ká ni ọgbọ́n yìí bá mu. Ní Èjìgbò, ní Ìpínlẹ̀ Ọ̀ṣun, yóò ta kókó. Ó ti pẹ́ tí àwọn ará Èjìgbò ti ń lọ ṣòwò ní Àbíjàn. Ọkọ̀ ń gba Benin, Tógò àti Gánà kọjá lọ síbẹ̀, a sì ń gbọ́ èdè Faransé ní ìgboro Èjìgbò. Kámẹ́rà tí ó bá dúró sí Èjìgbò yóò rí ilé ńlá tí onílé kò sí níbẹ̀. Èyí tí ó bá dúró sí Àbíjàn yóò rí oníṣòwò lásán. Èwo nínú méjèèjì ni yóò rí ohun tí ogun 2002 àti rògbòdìyàn ìbò 2010 sí 2011 ní Côte d'Ivoire ṣe sí ìdílé kan náà?

Jean Rouch ti la ọ̀nà kan nínú Moi, un noir (1958). Àwọn ará Niger tí ó wá ṣiṣẹ́ ní Treichville, ní Àbíjàn, ni ó yà, ó sì jẹ́ kí Oumarou Ganda, ọ̀kan nínú wọn, fi ohùn tirẹ̀ sọ̀rọ̀ lé àwòrán ara rẹ̀. Ganda náà padà di olùyafíìmù. Fíìmù Èjìgbò yóò nílò irú ohùn bẹ́ẹ̀ méjì, ó kéré tán: ti ìyá tí ó dúró sílé, àti ti ọmọ-ọmọ tí a bí sí Àbíjàn, tí ń fi Faransé dá a lóhùn.