Darandaran àti Afìdíkalẹ̀: Àgbéyẹ̀wò Èrò Grousset lórí Ìtàn Ilẹ̀ Koríko Àárín Gbùngbùn Éṣíà

Nínú àwọn ìwé tí ó ti jáde lórí ìtàn àárín gbùngbùn Éṣíà, díẹ̀ ni ipa wọn jinlẹ̀ lọ́kàn òǹkàwé tó L'Empire des steppes tí René Grousset, ọmọ ilẹ̀ Faransé, tẹ̀ jáde lọ́dún 1939. Ìwé náà tóbi, ó kún, ìmọ̀ sì pọ̀ nínú rẹ̀. Láti orí àwọn Scythian tí Herodotus ará Gíríìsì ròyìn, títí dé orí àwọn Zunghar tí ìjọba Qing run láàárín ọdún 1755 sí 1758, Grousset to ìtàn àwọn ẹ̀yà tí ń da ẹṣin àti àgùntàn lórí pápá koríko tí ó nà láti Hungary dé Manchuria. Ẹni tí ó bá fẹ́ mọ irú ìjọba tí ó rọ́pò èkejì ní pápá náà kò lè fojú fo iṣẹ́ yìí dá. Kì í ṣe òye Grousset ni ó yẹ ní yíyẹ̀wò, bí kò ṣe òpó tí ó gbé ilé rẹ̀ lé.

Òpó náà ni pé oríṣi ènìyàn méjì ni ó wà, tí odi sì wà láàárín wọn. Darandaran ń gbé níbi tí òjò kò ti tó fún ọkà gbígbìn. Ọ̀dá ń pa ẹran rẹ̀, ebi ń pa òun náà, ó sì ń wo oko àti ìlú aládùúgbò rẹ̀ lókèèrè. Bí ọwọ́ aládùúgbò náà bá ti rọ, darandaran a ya wọ ìlú. Lójú Grousset, èyí fẹ́rẹ̀ẹ́ jẹ́ òfin àdáyébá, bí ìgbà tí odò ń kún tí ó sì ń fà. Ìbọn àgbá ni ó fi òpin sí i, láti ọ̀rúndún kẹrìndínlógún lọ. Ibn Khaldun ti sọ ohun tí ó fara pẹ́ èyí lọ́dún 1377 nínú Muqaddimah, ṣùgbọ́n inú ni Ibn Khaldun wò: ó béèrè ohun tí ó so àwọn ará aginjù pọ̀ bí okùn, àti bí okùn náà ṣe ń tú láàárín ìran díẹ̀ lẹ́yìn tí wọ́n bá ti jókòó sí ààfin. Darandaran ti Grousset ní ikùn, ó ní ẹṣin, ó ní ọfà. Kò ní èrò. Àléébù tí ó tóbi jù nínú ìwé náà nìyí.

Ẹ̀rí tí ó yẹ kí lámèyítọ́ kọ́kọ́ padà sí ni iṣẹ́ Sima Qian, òpìtàn ààfin Han ní Ṣáínà, tí ó kọ Shiji ní nǹkan bí ọdún 100 ṣáájú ìbí Kristi. Orí 110 ìwé náà dá lórí àwọn Xiongnu. Ohun tí àwọn òǹkọ̀wé máa ń mú jáde níbẹ̀ ni pé àwọn ènìyàn yìí kò ní odi, wọn kò ní ibùgbé kan pàtó, wọn kì í sì í roko. Wọn kì í sábà kà á dé ibi tí ó ti sọ pé síbẹ̀ olúkúlùkù wọn ní ilẹ̀ tí ó jẹ́ tirẹ̀. Bẹ́ẹ̀ ni Sima Qian kì í ṣe akọ̀wé tí ohùn rẹ̀ jẹ́ ohùn ọba lásán. Nígbà tí ọ̀gágun Li Ling túúbá fún àwọn Xiongnu lọ́dún 99 ṣáájú ìbí Kristi, Sima Qian ni ó gbèjà rẹ̀ níwájú Ọba Wu, wọ́n sì tẹ̀ ẹ́ lọ́dàá nítorí ọ̀rọ̀ náà. Ó ṣòro láti ka orí 110 láìrántí èyí.

Ó ṣe é ṣe kí ó jẹ́ ìdí tí ọ̀rọ̀ tí ó mú jù nínú orí náà fi ti ẹnu ìwẹ̀fà kan jáde. Zhonghang Yue ni orúkọ rẹ̀. Ààfin Han fi agbára rán an láti sin ọmọ ọba obìnrin kan lọ sílé ọkọ láàárín àwọn Xiongnu ní nǹkan bí ọdún 174 ṣáájú ìbí Kristi. Bí ó ti dé ibẹ̀, ó yí padà sẹ́yìn wọn. Ìmọ̀ràn tí ó fún olórí wọn rọrùn láti lóye. Iye àwọn Xiongnu kò tó ti ẹkùn kan ṣoṣo nílẹ̀ Han. Agbára wọn ni pé oúnjẹ wọn àti aṣọ wọn yàtọ̀. Bí wọ́n bá ti fẹ́ràn ohun Han jù, wọ́n ti di ti Han. Ó ní kí wọ́n wọ aṣọ ṣẹ́dà gun ẹṣin gba inú ẹ̀gún kọjá, kí wọ́n lè rí i bí yóò ṣe ya, kí wọ́n sì mọ̀ pé kò tó awọ. Wọn kò gbà á lẹ́nu rẹ̀ pátápátá. Nígbà tí ikọ̀ Kozlov hú ibojì àwọn ìjòyè Xiongnu ní Noin-Ula, ní Mòǹgólíà, lọ́dún 1924 sí 1925, ṣẹ́dà Ṣáínà wà lára ohun tí wọ́n bá nínú wọn. Ní Ivolga, nítòsí Ulan-Ude, àwọn awalẹ̀pìtàn rí ìlú olódi Xiongnu tí ó ní ilé àti irin ìtúlẹ̀. Nítorí náà, kì í ṣe pé Xiongnu kò mọ odi tàbí oko.

Ọ̀rọ̀ ṣẹ́dà tún jẹ yọ ní ohun tí ó lé ní ẹgbẹ̀rin ọdún lẹ́yìn náà, lórí òkúta ìrántí Kul Tigin tí wọ́n gbé nàró létí odò Orkhon lọ́dún 732. Vilhelm Thomsen ará Denmark ni ó tú àwọn àmì inú rẹ̀ lọ́dún 1893. Èdè méjì ni ó wà lára òkúta náà. Ojú kan jẹ́ èdè Ṣáínà. Ọba Xuanzong ni ó ni ọ̀rọ̀ ibẹ̀, ó fi ìfẹ́ ilé ọba méjèèjì ṣe ti baba sí ọmọ. Ní àwọn ojú yòókù, Bilge Qaghan, ẹ̀gbọ́n olóògbé, ń bá àwọn Turk sọ̀rọ̀ ní èdè tiwọn. Ó kìlọ̀ fún wọn pé ọ̀rọ̀ àwọn ará Ṣáínà dùn, ṣẹ́dà wọn sì rọ̀, pé ọ̀pọ̀ Turk ti bá adùn yẹn kú. Kò ní kí wọ́n má bá Ṣáínà ṣòwò. Ó ní kí wọ́n jókòó sí Ötüken kí wọ́n máa rán èrò ọjà lọ. Ọ̀nà jíjìn ni ó ń tọrọ. Àwọn oníṣẹ́ ọnà tí Bilge tọrọ lọ́wọ́ Xuanzong, tí àkọlé Turk náà dárúkọ fúnra rẹ̀, wà lára àwọn tí ó ṣe ilé ìrántí náà lọ́ṣọ̀ọ́.

Grousset mọ àkọlé yìí, ó sì lò ó nínú ìwé rẹ̀. Ohun tí kò ṣe ni pé kò jẹ́ kí ó da tíọ́rì rẹ̀ láàmú. Ìwé ìtàn ilé Tang ròyìn pé Bilge kan náà fẹ́ mọ odi ìlú, kí ó sì kọ́ ilé ìsìn Búdà àti ti Dao. Tonyukuk, àna rẹ̀, ni kò gbà. Ó ní àwọn Turk kò tó ìdá kan nínú ọgọ́rùn-ún àwọn ará Ṣáínà; omi àti koríko tí wọ́n ń tọ̀ lẹ́yìn ni ó gbà wọ́n; bí wọ́n bá lágbára wọn a kógun jáde, bí wọn kò bá ní in wọn a fara pamọ́; ọjọ́ tí wọ́n bá wọ inú odi, ìṣẹ́gun kan ṣoṣo yóò tán wọn. Tonyukuk yìí ti gbé lábẹ́ Ṣáínà rí kí ó tó mọ ohun tí odi ń ṣe. Níbí ni ó ti hàn gbangba pé ìṣíkiri jẹ́ ọ̀ràn ìgbìmọ̀: wọ́n jókòó lé e lórí, wọ́n jiyàn, ẹnì kan borí. Àwọn Uyghur tí ó jọba lẹ́yìn wọn láti ọdún 744 yan òdì kejì. Wọ́n kọ́ Ordu-Baliq, wọ́n dá oko yí i ká, wọ́n gba ẹ̀sìn Mani. Àwọn Kyrgyz sì jó ìlú náà lọ́dún 840, bí ẹni pé Tonyukuk ti rí i tẹ́lẹ̀.

Owen Lattimore, lọ́dún 1940, ti fi hàn pé ẹnubodè Ṣáínà jẹ́ ilẹ̀ fífẹ̀ tí àwọn ènìyàn ń ti ọwọ́ kan bọ́ sí èkejì níbẹ̀. A. M. Khazanov sọ ọ́ yéni sí i lọ́dún 1984, pé kò sí darandaran tí ó lè dá ṣe láìní ọkà àti irin ẹlòmíràn. Iṣẹ́ àwọn méjèèjì tún èrò Grousset ṣe. Kò yẹ kí àtúnṣe náà wá sọ àwọn ológun pápá di ọ̀dọ́ àgùntàn: ohun tí ọmọ ogun Mongol ṣe ní Merv lọ́dún 1221 kì í ṣe àròsọ, bí ó tilẹ̀ jẹ́ pé iye òkú tí Juvayni kọ sílẹ̀ kọjá ohun tí ìlú kan lè gbà.

Iyàn yìí kò mọ sí inú yàrá ìkàwé. Bí ìṣíkiri bá jẹ́ àìní, a jẹ́ pé oore ni kí ìjọba fi ipá mú ènìyàn jókòó. Lórí irú èrò bẹ́ẹ̀ ni ìjọba Soviet dúró ní Kazakhstan láti ìparí ọdún 1929, tí wọ́n gba ẹran lọ́wọ́ àwọn Kazakh, tí wọ́n sì ní kí wọ́n tẹ̀dó. Ìyàn tí ó tẹ̀ lé e, láti 1930 sí 1933, pa nǹkan bí mílíọ̀nù kan ààbọ̀ ènìyàn, ó sì lé ní ìdá kan nínú mẹ́ta gbogbo Kazakh tí ó kú. Nǹkan bí ìdá mẹ́sàn-án nínú mẹ́wàá ẹran ilẹ̀ náà ni ó ṣòfò. Ọ̀pọ̀ nínú ibi tí ìjọba yàn fún ìtẹ̀dó ni kò ní omi, ohun tí darandaran ibẹ̀ ìbá ti sọ fún wọn bí wọ́n bá béèrè. Àwọn tí ó lè rìn kó ohun tí ó kù wọ́n kù, wọ́n sì kọjá sí Ṣáínà.