Ìyanu tó ń sọ Gẹ̀ẹ́sì: lórí iṣẹ́ Roye Okupe

Lónìí, kátúùnù ni ọ̀rọ̀ kàn. Kí ẹnikẹ́ni má rẹ́rìn-ín o. Ohun tí àwọn ọmọdé ń wò lálaalẹ́ ní Ìkòròdú àti Ẹ̀pẹ́ tó ohun tí àgbà ń jókòó rò. Èyí tí mo fẹ́ sọ̀rọ̀ lé lórí ni *Iyanu*, eré tí Roye Okupe ṣe. Èrò mi rèé ní kúkúrú: iṣẹ́ ńlá ni, ó yẹ ká yìn ín, ṣùgbọ́n ó ku ibì kan tí kò tíì dé, ibẹ̀ gan-an sì ni ọ̀rọ̀ ọmọ Yorùbá wà.

Ẹ jẹ́ ká kọ́kọ́ mọ ẹni tó ṣe é. Ọmọ tó dàgbà ní Èkó ni Okupe. Ní 2002, ó lọ kàwé ní Amẹ́ríkà, ó sì kẹ́kọ̀ọ́ nípa kọ̀ǹpútà ní George Washington University. Kátúùnù ló wù ú láti ṣe, ṣùgbọ́n kátúùnù kì í ṣe iṣẹ́ olówó kékeré: ìṣẹ́jú àáyá kan péré lè gba àwòrán 24. Àwọn olówó kò gbà pé akọni tó ti Áfíríkà wá lè pa owó wọlé fún wọn. Okupe bá gba ọ̀nà ẹ̀yìnkùlé, ó gba ti ìwé ìtàn alàwòrán. Ó dá YouNeek Studios sílẹ̀. Ní 2015, owó táwọn èèyàn dá fún un lórí Kickstarter ló fi tẹ *E.X.O.: The Legend of Wale Williams*. *Malika* tẹ̀lé e, òun àti Anthill Studios ti Niyi Akinmolayan ní Èkó sì sọ ọ́ di kátúùnù kúkúrú ní 2019. Ní 2021, Dark Horse, ilé ìtẹ̀wé ní Amẹ́ríkà, gbé *Iyanu: Child of Wonder* jáde, Godwin Akpan ló ya àwòrán inú rẹ̀. Lẹ́yìn náà ni Lion Forge, tó lọ́wọ́ nínú *Hair Love* tó gba Oscar ní 2020, sọ *Iyanu* di eré tẹlifíṣọ̀n. Cartoon Network bẹ̀rẹ̀ sí í gbé e sáfẹ́fẹ́ ní ọjọ́ 5 oṣù kẹrin 2025, Okupe fúnra rẹ̀ sì wà lára àwọn tó kọ ọ́ àti àwọn tó darí rẹ̀. Láti ọjọ́ tó ti wọ ọkọ̀ òfúrufú, ọdún 23 nìyẹn. Sùúrù nìyẹn!

Ọ̀rọ̀ ẹni tó kúrò nílé tí ilé kò kúrò lára rẹ̀ kì í ṣe tuntun ní agbègbè wa. Nígbà tí àwọn Gẹ̀ẹ́sì lé Kòsọ́kọ́ kúrò ní Èkó ní 1851, Ẹ̀pẹ́ ni òun àti àwọn èèyàn rẹ̀ gbà lọ. Títí dòní, Èkó-Ẹ̀pẹ́ là ń pe ọmọ wọn, láti yà wọ́n sọ́tọ̀ sí Ìjẹ̀bú-Ẹ̀pẹ́ tí wọ́n bá níbẹ̀, wọ́n sì ń fi ọdún Kayokayo rántí dídé wọn. Ṣùgbọ́n ẹ kíyè sí i: orúkọ Èkó nìkan kọ́ ni wọ́n gbé dé, wọ́n gbé ẹnu wọn dé pẹ̀lú. Okupe náà gbé orúkọ dání. Ẹnu ńkọ́?

Ẹ jẹ́ ká tú orúkọ náà wò. Ẹ̀yin tí a jọ ṣe fonọ́lọ́jì á rántí pé ọ̀rọ̀-ìṣe olóhùn ìsàlẹ̀ máa ń di olóhùn àárín tí ọ̀rọ̀-orúkọ bá tẹ̀lé e gẹ́gẹ́ bí àbọ̀. A ní *ẹnu yà mí*, ṣùgbọ́n tí *ẹnu* bá di àbọ̀, *yà* á di *ya*. A pa fáwẹ́lì kan jẹ, ó di *yanu*. A fi àfòmọ́ *ì-* ṣíwájú, ó di *ìyanu*: ohun tó ń mú kí ẹnu là sílẹ̀. Ẹnu ti wà nínú orúkọ ọmọ yìí látilẹ̀wá.

Ìtàn ọmọ òrukàn kan ni. Olori ló tọ́ ọ dàgbà, ọmọ náà sì wá rí i pé agbára àràmàǹdà wà lára òun ní àsìkò tí àwọn ẹranko tí ègún ti bà jẹ́ ń dààmú ìlú. Òun, Biyi àti Toye jáde lọ wá orísun ibi náà. Ohun tó wù mí jù ni ohùn wọn. Nínú *The Lion King* ti 1994, Áfíríkà ni ìtàn wà, ṣùgbọ́n ará Amẹ́ríkà àti Gẹ̀ẹ́sì ló pọ̀ jù lára àwọn tó sọ̀rọ̀ níbẹ̀. Okupe kọ ìyẹn. Àwọn ọmọ Nàìjíríà ló kó jọ: Serah Johnson ni Ìyanu, Adesua Etomi-Wellington ni Olori. Gẹ̀ẹ́sì ni wọ́n ń sọ, àmọ́ Gẹ̀ẹ́sì tilé wa ni, kò sí pé à ń fi imú sọ̀rọ̀. Ọmọ tó wà ní Ìgbógbó tàbí Ìjẹ̀dé á gbọ́ ọ, á sì mọ̀ pé ará ilé òun ló ń sọ̀rọ̀.

Síbẹ̀, Gẹ̀ẹ́sì ni. Ẹ wo ohun tó bọ́ sọnù. Wọ́n kọ *Olori* láìsí àmì. Ṣé *olorì*, aya ọba, ni, àbí *olórí*, aṣáájú? Àmì méjì péré ló yà wọ́n. Ẹ tún wo arọ́pò-orúkọ. *You* kan ṣoṣo ni Gẹ̀ẹ́sì ní. Àwa ní *o*, a sì ní *ẹ*. Ọmọ tí agbára rẹ̀ wá ju ti àgbà tó tọ́ ọ lọ, ṣé *ẹ* ni á ṣì máa sọ fún un? Lọ́jọ́ tí inú bá bí i ńkọ́? Fáwẹ́lì kan péré ni, gbogbo ìjà tó wà láàárín àgbà àti ọmọdé sì lè wà nínú rẹ̀. Gẹ̀ẹ́sì kò ní àyè fún un. Kì í ṣe Okupe nìkan o. *Iwájú* tí àwọn Kugali bá Disney ṣe ní 2024 fi àmì ohùn sí àkọlé rẹ̀ bó ṣe yẹ, mo kí wọn, àmọ́ Gẹ̀ẹ́sì náà ló gba inú eré kan.

Ẹnìkan á ní, "Prọ̀f, ta ló máa fi owó ṣe eré Yorùbá fún gbogbo ayé?" Ìbéèrè gidi ni. Ìdáhùn mi ni pé kátúùnù yàtọ̀ sí fíìmù. Ẹnu tí wọ́n fi ọwọ́ yà kò ní èdè abínibí. Ohùn tí ẹ bá fi sí i ló máa sọ. Ní 2017, *Moana* ti Disney jáde ní èdè Māori, bẹ́ẹ̀ àwọn tó ń sọ Māori kò tó èèyàn tó ń gbé ìjọba ìbílẹ̀ Ìkòròdú. Owó kọ́ ló ṣòro jù níbẹ̀. Ohun tó ṣòro ni rírí ẹni tó máa kọ Yorùbá tó dùn lẹ́nu ọmọdé, tí kì í ṣe Gẹ̀ẹ́sì tí wọ́n kàn wọ aṣọ fún.

Kí ló dé tí mo fi ń yọ ara mi lẹ́nu? Ní 2022, ìjọba àpapọ̀ fọwọ́ sí i pé kí èdè abínibí jẹ́ èdè ìkọ́ni nílé-ìwé alákọ̀ọ́bẹ̀rẹ̀; ní 2025, wọ́n ní àwọn ti fagi lé e. Ilé-ìwé ti padà lẹ́yìn èdè, ọ̀pọ̀ òbí náà kò sì sọ ọ́ sí ọmọ mọ́. Ọ̀pọ̀ ọmọ ló ń jẹ́ Ìyanuolúwa láyìíká wa. Tí irú ọmọ bẹ́ẹ̀ bá rí akọni tó ń jẹ́ orúkọ rẹ̀, inú rẹ̀ á dùn, ó sì yẹ kó dùn. Ṣùgbọ́n á tún kọ́ nǹkan kan tí ẹnikẹ́ni kò sọ fún un: pé Yorùbá dára fún orúkọ, pé Gẹ̀ẹ́sì ni agbára ń sọ.

Wọ́n ní ilé là ń wò ká tó sọmọ lórúkọ. Okupe wo ilé láti òkèèrè, ó sì sọ ọmọ rẹ̀ ní orúkọ tó dára. Kò yẹ ká dá iṣẹ́ tó kù dá a. Ẹ̀yin ọmọ mi tí ẹ ń kọ eré, tí ẹ ń túmọ̀ èdè, tí ẹ ń kọ́ni ní Yorùbá láti Ìmọ̀tà dé Ẹ̀pẹ́, ẹ mú ìran kan péré nínú eré náà, ẹ jókòó, ẹ fi Yorùbá kọ ọ̀rọ̀ inú rẹ̀, kí ẹ sì kà á sí àwọn ọmọdé létí. Ibi tí wọ́n bá ti rẹ́rìn-ín, ẹ fi í sílẹ̀. Ibi tí ojú wọn bá ti dá gbáú, ẹ tún un kọ.