Ọlá Balógun: Ọmọ Tí A Bí Sẹ́yìn Odi

Ọ̀rọ̀ kan kì í tán lẹ́nu wa nígbàkúùgbà tí a bá ń ṣèpàdé: ọmọ tí a bí síhìn-ín, tí èdè onílé dá ṣáká lẹ́nu rẹ̀ ju tiwa lọ, ṣé kò ti sọnù mọ́ wa lọ́wọ́? Kí a tó dáhùn, ẹ jẹ́ kí a yẹ iṣẹ́ Ọlá Balógun wò.

Ìlú Aba, nílẹ̀ Ìgbò, ni wọ́n ti bí i ní 1945. Yorùbá ni àwọn òbí rẹ̀. Ó kọ́ iṣẹ́ sinimá ní ilé ẹ̀kọ́ IDHEC ní Paris. Fíìmù tó ń fi ìgbé ayé ènìyàn hàn bó ṣe rí gan-an ló fi bẹ̀rẹ̀: One Nigeria ní 1969, Thundergod ní 1971 lórí Ṣàngó, àti Nupe Masquerade ní 1972 lórí egúngún àwọn Tápà. Òǹkọ̀wé eré oníṣe ni pẹ̀lú.

Ní 1975 ó ṣe Amadi, tí a kà sí fíìmù ìtàn àkọ́kọ́ lédè Ìgbò. Ọdún kejì rẹ̀ ló ṣe Àjàní Ògún, tí a kà sí àkọ́kọ́ lédè Yorùbá. Adéyẹmí Afọláyàn, tí gbogbo ayé mọ̀ sí Adé Love, ló ṣe ọ̀dọ́mọdé ọdẹ tó ń bá olówó alágbára jà. Dúró Ládipọ̀ náà wà níbẹ̀. Ẹ wò ó, ọwọ́ kan náà ló ṣe méjèèjì! Ìlú tí wọ́n bí i sí kò gba Yorùbá lọ́wọ́ rẹ̀. Ní 1978, ó dé Brazil, ó ṣe A Deusa Negra, ìtàn ọmọ Nàìjíríà tó lọ wá àwọn ẹbí rẹ̀ tí òwò ẹrú kó lọ.

Ṣùgbọ́n a kò ní torí ìyìn bo àléébù mọ́lẹ̀. Ó bá àwọn ọ̀gá alárìnjò wa ṣiṣẹ́: Ìjà Òmìnira ní 1979 pẹ̀lú Adé Love, Aiyé pẹ̀lú Hubert Ògúndé, Ọ̀run Móoru ní 1982 pẹ̀lú Moses Ọláìyá, Bàbá Sàlá. Lójú tiwa, kámẹ́rà a máa dúró nígbà mìíràn bí ẹni tó jókòó síwájú ìtàgé, tí orin àti ijó á sì dá ìtàn dúró. Nínú Aiyé, ohùn Ògúndé la ń gbọ́ ju ti Balógun lọ. Síbẹ̀, àwọn fíìmù wọ̀nyí fi hàn pé èdè wa lè pe èrò sí ilé sinimá.

Ohun tó dùn wá jù ni èyí tó tẹ̀ lé e. Àwọn olè ṣe ẹ̀dà Ọ̀run Móoru káàkiri, gbèsè sì wọ Bàbá Sàlá lọ́rùn. Púpọ̀ nínú fíìmù Balógun ló ṣòroó rí wò lónìí. Àwọn ọmọ wa gbọ́ orúkọ, wọn kò rí iṣẹ́.

Nítorí náà, ìdáhùn wa nìyí: ọmọ tí a bí sẹ́yìn odi kò sọnù, bí a bá fi ilé hàn án. Ohun tí a kò bá tọ́jú ló ń sọnù. Àwọn àgbà tó kọ́kọ́ dé ìlú yìí ń lọ lọ́kọ̀ọ̀kan. Kí ẹgbẹ́ wa gba ohùn wọn àti àwòrán wọn sílẹ̀ lọ́dún yìí, kí a sì fún àwọn ọmọ tí a bí síhìn-ín ní kámẹ́rà náà dì mú. Odò tó bá gbàgbé orísun rẹ̀, gbígbẹ ní í gbẹ. Tiwa kò ní gbẹ o. Àṣẹ.