Ilé Sólómọ́nì nínú ìwé Francis Bacon: ìmọ́lẹ̀ tí a rà, ìmọ́lẹ̀ tí a fi pamọ́

Nínú àwọn ilé ẹ̀kọ́ tí àwọn òǹkọ̀wé fi ọkàn rò, tí kò sí níbì kankan lórí ilẹ̀, díẹ̀ ni ó lókìkí tó Ilé Sólómọ́nì. Francis Bacon, ọmọ ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, ni ó ṣe àpèjúwe rẹ̀ nínú New Atlantis, ìtàn àròsọ tí kò parí, tí a tẹ̀ jáde ní 1627, ọdún kan lẹ́yìn ikú rẹ̀. Àwọn atukọ̀ tí wọ́n gbéra láti Perú lọ sí Ṣáínà àti Jàpáànù ṣìnà lójú òkun. Wọ́n gúnlẹ̀ sí erékùṣù Bensalem, níbi tí àwọn ọlọ́gbọ́n kan ti ń fi gbogbo ayé wọn wá ìmọ́lẹ̀.

Iṣẹ́ ilé náà fẹ́rẹ̀ẹ́ jọ idán. Wọ́n ń sọ ìmọ́lẹ̀ di púpọ̀, wọ́n ń rán an lọ sí ọ̀nà jíjìn, wọ́n ń fún un ní oríṣiríṣi àwọ̀, wọ́n sì ń fi ọwọ́ ara wọn ṣe òṣùmàrè. Wọ́n ní awò tí a fi ń rí ohun tí ó jìnnà, àti èyí tí a fi ń rí ohun tí ó kéré jọjọ. Ṣùgbọ́n Bacon kò da iṣẹ́ yìí pọ̀ mọ́ ẹ̀tàn. Ilé kan wà níbẹ̀ tí a ti ń kọ́ nípa ohun tí ń tan ojú àti etí jẹ. Síbẹ̀, ẹni tí ó bá ṣe iṣẹ́ tí kò ju agbára ẹ̀dá lọ, tí ó wá ṣe é lọ́ṣọ̀ọ́ kí ó lè dà bí iṣẹ́ ìyanu, ìtìjú àti owó ìtanràn ni yóò fi gbára. Ibí yìí ni ìwé náà ti lágbára jù lọ.

Ibi tí ó ti kù díẹ̀ káàtó ni ọ̀nà tí a fi ń kó ìmọ́lẹ̀ wálé. Òǹkọ̀wé to ipò àwọn ènìyàn 36 lẹ́sẹẹsẹ. Méjìlá nínú wọn ni ó pè ní oníṣòwò ìmọ́lẹ̀. Àwọn wọ̀nyí ń wọkọ̀ lọ sí òkèèrè, wọ́n ń fi orúkọ orílẹ̀-èdè mìíràn bo tiwọn mọ́lẹ̀, wọ́n sì ń kó ìwé àti ìròyìn àdánwò bọ̀. Ẹni tí ó bá fẹ́ túmọ̀ orúkọ wọn sí Yorùbá lè kọ́kọ́ ronú kan alájàpá. Ọ̀rọ̀ náà kò bá wọn mu. Ará ọjà mọ alájàpá, ó mọ ìlú rẹ̀, ó sì mọ ọjọ́ ọjà tí yóò padà wá. Òótọ́ ni pé oníṣòwò Bensalem ń sanwó, nítorí pé a fi ìṣúra lé e lọ́wọ́. Ṣùgbọ́n ẹni tí ó gba owó náà kò mọ ẹni tí ó san án, kò sì ní mọ ohun tí a fi ìmọ̀ rẹ̀ ṣe.

Bí ìmọ́lẹ̀ bá délé tán, àwọn ọmọ ilé náà a péjọ láti yan èyí tí a ó sọ àti èyí tí a ó fi pamọ́. Gbogbo wọn ni ó ń búra. Nígbà mìíràn, ìjọba pàápàá kì í gbọ́. Yorùbá náà mọ ohun tí ń jẹ́ awo, ṣùgbọ́n ẹni tí ó mú ìṣòro wá sọ́dọ̀ babaláwo kì í lọ láìgbọ́ èsì. Àwọn ará Ilé Sólómọ́nì ń yí àwọn ìlú ńlá ká, wọ́n ń kìlọ̀ nípa àrùn, ìyàn, ìjì àti ìkún omi. Ohun rere ni èyí. Síbẹ̀, àwọn ni wọ́n ń yan ohun tí wọn yóò sọ, ará ìlú kàn ń gbọ́ ni.

Bí a ṣe kọ ìwé náà bá ohun tí ó sọ mu. Ẹnu àgbà kan ṣoṣo ni èyí tí ó pọ̀ jù nínú àpèjúwe ilé náà ti jáde. Ó ní kí àwọn ìránṣẹ́ bọ́ síta, ó sì bá atukọ̀ kan sọ̀rọ̀ ní èdè Sípéènì. Atukọ̀ náà kò bi í ní ìbéèrè kankan. Ní ìparí, àgbà náà fún un láyè láti tan ọ̀rọ̀ náà ká fún ire orílẹ̀-èdè mìíràn. Ṣùgbọ́n nínú èdè Bensalem, ọ̀rọ̀ díẹ̀ péré ni òǹkàwé rí, bí orúkọ erékùṣù náà àti Tirsan, oyè baba ìdílé. Èdè wo ni ilé náà fi ń kìlọ̀ ìyàn fún àgbẹ̀? Bacon kò sọ.

Àwọn tí wọ́n gba Bacon ní àwòkọ́ṣe tún apá kan àléébù yìí ṣe. Ní 1660 ni a dá Royal Society sílẹ̀ ní Lọ́ńdọ̀nù. Ní 1665, akọ̀wé rẹ̀, Henry Oldenburg, bẹ̀rẹ̀ Philosophical Transactions ní èdè Gẹ̀ẹ́sì. Inú rẹ̀ ni a tẹ lẹ́tà Newton lórí ìmọ́lẹ̀ àti àwọ̀ sí ní 1672. Hooke ta kò ó, àríyànjiyàn náà sì di ti gbogbo ẹni tí ó lè kàwé. Ìmọ́lẹ̀ tí a tẹ̀ jáde ṣeé bi ní ìbéèrè. Èyí tí a búra lé lórí kò ṣeé bi.

Èdè Yorùbá fúnra rẹ̀ ṣe ìkìlọ̀. Ìmọ̀ àti ìmọ́lẹ̀ jọra lójú ẹni tí kò fi àmì ohùn sí i, ṣùgbọ́n mọ̀ olóhùn ìsàlẹ̀ yàtọ̀ sí mọ́ olóhùn òkè. Ilé kan lè ní ìmọ̀ púpọ̀ kí ilẹ̀ má sì mọ́ fún ẹnikẹ́ni lóde. Ẹni tí ó bá gba àlọ́ tàbí oríkì sílẹ̀ lẹ́nu àgbà ní Kétu, ní Ṣábẹ̀ẹ́ tàbí ní Àjàṣẹ́, tí ó sanwó, tí ó sì lọ kọ ọ́ ní èdè Faransé fún ẹgbẹ́ rẹ̀ nìkan, ọmọ Ilé Sólómọ́nì ni, bí kò tilẹ̀ ka ìwé Bacon rí. Gbèsè ṣì wà lọ́rùn rẹ̀ títí di ọjọ́ tí ọmọ àgbà náà yóò lè ka ọ̀rọ̀ baba rẹ̀ sókè fún un ní èdè tí ó fi sọ ọ́.