Ìyá Rainbow àti Ipa Ìyá nínú Eré Yorùbá

Òṣùmàrè ni orúkọ ẹgbẹ́ tíátà tí Augustine Ayánfẹ́mi Philips dá sílẹ̀. Nígbà tó kú, orúkọ náà kò bá a lọ. Ara ìyàwó rẹ̀, Ìdòwú Philips, ló lẹ̀ mọ́, àwọn èèyàn sọ ọ́ di Gẹ̀ẹ́sì, obìnrin náà bá di Ìyá Rainbow. Ó pani lẹ́rìn-ín díẹ̀ pé orúkọ Òyìnbó ni wọ́n fi mọ ẹni tó fi èdè Yorùbá jẹun.

Ìjẹ̀bú-Òde ni wọ́n ti bí i ní ọjọ́ 16 oṣù Kẹwàá, ọdún 1942. Ó ṣiṣẹ́ ọba fún ọ̀pọ̀ ọdún ní ẹ̀ka ètò ìlera kó tó bọ́ sínú ẹgbẹ́ ọkọ rẹ̀. Ọkọ yìí ti bá Hubert Ògúndé, gbajúmọ̀ ọ̀gá tíátà, ọmọ Òṣósà, tó gbé eré àkọ́kọ́ rẹ̀ jáde l'Ékòó ní 1944, ṣiṣẹ́. Lẹ́yìn ikú ọkọ ni Ìyá Rainbow wá gbájú mọ́ eré gan-an. Àjẹ́ ni Ìyá Mi wà lára àwọn fíìmù rẹ̀.

Láyé tíátà alárìnká bíi ti Ògúndé, kì í sábà sí ìwé eré lọ́wọ́ òṣèré. Ọ̀gá á sọ ìtàn, á pín ipa, kóówá á wá ọ̀rọ̀ ẹnu ara rẹ̀ níbi ìdánrawò. Ẹni tí kò gbọ́ òwe, kí ló fẹ́ rí sọ? Nínú gbọ̀ngàn ìlú, ìbáà ṣe Ìjẹ̀bú-Ifẹ̀ tàbí ibòmíràn, ohùn gbọ́dọ̀ dé etí ẹni tó jókòó sẹ́yìn pátápátá. Ìgbà tí fíìmù dé, tí fídíò tẹ̀ lé e, kámẹ́rà sún mọ́ ojú, igbe tó ń dùn lórí ìtàgé sì di ariwo. Òṣèré àgbà ní láti kọ́ bí a ṣe ń rẹ ohùn sílẹ̀.

Ipa ìyá ló fi èyí hàn jù. Ká ní wọ́n wá túfọ̀ ọmọ fún ìyá nínú eré. Ọ̀gbẹ̀rì á figbe ta lẹ́sẹ̀kẹsẹ̀. Ẹni tó mọṣẹ́ á kọ́kọ́ tún ìró rẹ̀ ró, á rọra jókòó, á ní kí wọ́n tún un sọ. Ìgbà tí gèlè bá já bọ́ ni ẹkún tó dé. Bó bá sì di ọ̀rọ̀ èpè, tí ìyá bá ti di ọmú mú, ọmọ Yorùbá tó ń wò ó ò bèèrè àlàyé.