Iona Fyfe: Ọ̀dọ́mọbìnrin Tó Ń Kọ Orin Àwọn Atúlẹ̀

Huntly ni Iona Fyfe ti wá, ìlú kékeré kan ní Aberdeenshire, ìhà àríwá-ìlà-oòrùn Scotland. Ọdún 1998 ni wọ́n bí i. Ní ti orin ìbílẹ̀, inú ọrọ̀ ni wọ́n bí i sí. Ní ìbẹ̀rẹ̀ ọ̀rúndún tó kọjá, Gavin Greig tó jẹ́ olùkọ́ àti James Duncan tó jẹ́ àlùfáà ìjọ kó orin tó lé ní 3,000 jọ ní agbègbè náà. Obìnrin kan, Bell Robertson, nìkan fún wọn ní nǹkan bí 400, bẹ́ẹ̀ sì rèé, ìyá náà kì í kọrin. Ńṣe ló ń ka ọ̀rọ̀ inú wọn jáde láti orí. Ìdìpọ̀ ìwé mẹ́jọ ni àkójọ náà dà nígbẹ̀yìn.

Apá tí mo fẹ́ dúró lé nínú ọrọ̀ yìí ni orin bothy. Bothy ni ahéré tí àwọn àpọ́n tó ń ṣiṣẹ́ oko máa ń sùn sí nígbà kan rí. Ọjà ni àwọn olóko ti máa ń gbà wọ́n síṣẹ́ nígbà náà, oṣù mẹ́fà-mẹ́fà. Bí oúnjẹ olóko kò bá tó jẹ, bí ẹṣin rẹ̀ bá rù kan eegun, orin ni wọn yóò fi tú àṣírí rẹ̀. Wọn yóò dárúkọ oko, wọn yóò dárúkọ olóko. Orin náà ń pani lẹ́rìn-ín, ó ń tani lára, ó sì ń ṣe ìkìlọ̀ fún ẹni tó bá fẹ́ gba iṣẹ́ níbẹ̀ ní sáà tó ń bọ̀.

Orin ọkùnrin ni. Kí wá ni ọ̀dọ́mọbìnrin tó kàwé gboyè ní Royal Conservatoire of Scotland ní Glasgow ń wá níbẹ̀? Nínú àwo Away From My Window (2018), Fyfe kọ Guise o' Tough, orin atúlẹ̀ tó lọ gba iṣẹ́ ní oko tó ń jẹ́ bẹ́ẹ̀. Kò ṣe bí ọkùnrin, kò mú ohùn rẹ̀ ki. Ó dúró bí ẹni tó ń ròyìn, ohùn rẹ̀ mọ́ gaara. Lójú tèmi, ìdúró yẹn ló gba orin náà là. Akọrin tó bá fẹ́ di atúlẹ̀ lórí ìtàgé yóò kàn sọ ọ́ di yẹ̀yẹ́ ni.

Ibi tí èmi àti òun ti yapa ni ohun èlò tó ń lò sí orin. Jeannie Robertson ará Aberdeen, tí Hamish Henderson tó ń kó orin ìbílẹ̀ jọ ṣàwárí ní 1953, ohùn lásán ló fi ń kọ àwọn orin ìtàn gígùn, olórí ló sì jẹ́ nínú àwọn tó ń kọ wọ́n títí dòní. Nígbà tí Fyfe bá dá kọrin láìsí ohun èlò, ó lè fa sílébù kan gùn, kó sì fo èyí tó tẹ̀ lé e. Gbàrà tí gìtá bá ti bẹ̀rẹ̀ sí í ka ìṣísẹ̀ orin, ọ̀rọ̀ di ẹrú rẹ̀. Ọ̀rọ̀ ọ̀hún sì ni gbogbo iṣẹ́: Doric, ẹ̀ka-èdè Scots tí wọ́n ń sọ ní Aberdeenshire, ló so ìparí ìlà kan mọ́ òmíràn. Fyfe kì í fọ̀ ọ́ mọ́ fún etí ará London, mo sì yìn ín fún ìyẹn.

Ó jà fún èdè náà níta orin pẹ̀lú. Ní 2021, Scots kò sí lára èdè tí akọrin lè yàn fún orin tó bá gbé sórí Spotify, bẹ́ẹ̀ ìkànìyàn 2011 ti fi hàn pé ó lé ní mílíọ̀nù kan àbọ̀ ènìyàn tó ní àwọn ń sọ ọ́. Ó kọ lẹ́tà ìta gbangba sí iléeṣẹ́ náà, wọ́n sì fi kún un. Ọdún yẹn kan náà ló di akọrin àkọ́kọ́ tó gba àmì-ẹ̀yẹ Musician of the Year níbi Scots Trad Music Awards.

Ó tún tú Love Story ti Taylor Swift sí Scots. Ọ̀dọ́ tó bá gbọ́ ọ yóò gbọ́ èdè ilé rẹ̀ nínú orin tó ti mọ̀, ìyẹn sì wúlò. Àmọ́ ìtàn ìfẹ́ yẹn kò ní oko, kò ní olóko, kò ní ẹni tí wọ́n ń bú. Ohùn tó mọ ìròyìn í ṣe tó báyìí kò rí nǹkan kan ròyìn níbẹ̀.